Ọjọ́ tí Mo Gbé Àdá Ẹ̀gbọ́n Mi Kúrò Lórí Ìṣó

Ẹ sún mọ́ mi. Ẹni tó bá rí àga kó fi jókòó. Ẹni tí kò bá rí, pèpéle ilé wa kò kọ ìdí ẹnikẹ́ni. Ẹ pa fóònù yín lẹ́nu mọ́ díẹ̀. Ohun tí mo fẹ́ sọ kì í ṣe àlọ́. Kò sí ìjàpá nínú rẹ̀, kò sì sí orin tí ẹ máa bá mi gbè. Ohun tí ojú mi rí ni, tí ọwọ́ mi sì ṣe. Bí mo bá dákẹ́ láàárín ọ̀rọ̀, ẹ má rò pé mo ti gbàgbé. Ẹ̀rù rẹ̀ ló ṣì ń bà mí, mo sì ní láti gbé itọ́ mì kí n tó lè máa bá a lọ.

Ìdílé alágbẹ̀dẹ ni wọ́n bí mi sí, ní ìlú kékeré kan tí kò jìnnà sí Ìpáò. Bàbá wa ló rọ ọkọ́ àti àdá tí gbogbo àdúgbò fi ń ro oko. Bí wọ́n bá bí ọmọkùnrin sílé wa, kí ọmọ náà tó pé ogójì ọjọ́, àdá kan gbọ́dọ̀ ti jáde nínú iná fún un. Àdá yìí kì í lọ sí oko. Orí ìṣó ló ń gbé, ní ìgbèrí ẹni tó ni ín, ẹnu rẹ̀ á kọjú sílẹ̀, títí olúwarẹ̀ á fi kú. Iṣẹ́ kan ṣoṣo ló ń ṣe. Bí ọ̀rọ̀ tó wúwo bá wà nílẹ̀, tí ẹnì kan sì fẹ́ gbọ́ òótọ́ lẹ́nu ẹnì kejì, á na ọwọ́ sí ìṣó, á gbé àdá sáàárín àwọn méjèèjì, ẹni tí wọ́n ń bi á fi ahọ́n kan irin, á sì fèsì. Bàbá wa kò sọ ohun tó ń ṣe ẹni tó bá purọ́ lẹ́yìn tó ti fi ahọ́n kàn án. A bi í títí, kò sọ. Àìsọ yẹn ló gbin ẹ̀rù sí wa nínú.

Èmi di tíṣà. Mo kọ́ ọmọ ní Ìlúpéjú, mo kọ́ ọmọ ní Ọ̀tùn, kí n tó fẹ̀yìn tì wá sílé. Mo ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì máa ń ka Bíbélì fún àwọn tí ojú wọn ti di bàìbàì. Bí ẹ bá bi mí lójú ọ̀nà bóyá mo gba irin gbọ́, màá rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n àdá tèmi wà ní ìgbèrí mi, mi ò sì purọ́ níwájú rẹ̀ rí.

Ẹ̀gbọ́n mi ni àkọ́bí bàbá wa. Òun ló gba iṣẹ́ àgbẹ̀dẹ, ó tún ní oko kòkó àti oko iṣu. Ilé rẹ̀ àti ilé tèmi kò jìnnà síra. Bí ó bá wúkọ́ kíkankíkan, mò ń gbọ́ ọ láti ọ̀dẹ̀dẹ̀ mi. Ẹni tí ó nífẹ̀ẹ́ iyán ni. Bó jẹ odindi ìkòkò ìrẹsì, tí kò rí iyán, á ní ebi ń pa òun. Ìdí nìyí tí ẹ̀rù fi kọ́kọ́ bà wá nígbà ọyẹ́ kan, tí òkèlè iyán kan há a lọ́fun, tí ó fi omi lé e, tí omi náà sì padà jáde. Lẹ́yìn èyí, òkèlè bẹ̀rẹ̀ sí í kéré. Kò pẹ́, kò lè jẹ iyán mọ́, ẹ̀kọ ló kù. Kò pẹ́ sí i, ògì lásán.

"Ọ̀fun mi ló ń bínú," ló máa ń sọ. "Ó ti gbé iyán jù. Ẹ jẹ́ ó sinmi."

Ìyàwó rẹ̀ kò rẹ́rìn-ín. Obìnrin náà bá mi nílé nígbà tí wọ́n gbé e wá, nítorí náà kò lè pe orúkọ mi. Tíṣà Mi ló sọ mí, kí n tó di tíṣà gan-an. Òun ló wá bá mi ní àárọ̀ ọjọ́ kan, tó ní, "Tíṣà Mi, ẹ jẹ́ ká gbé e lọ. Ṣòkòtò rẹ̀ ń já bọ́ nídìí rẹ̀."

A gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ńlá. Wọ́n ti ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tó ní iná lẹ́nu bọ̀ ọ́ lọ́fun, wọ́n gé díẹ̀ nínú ohun tí wọ́n rí níbẹ̀, wọ́n ní ká padà wá gbọ́ èsì. Lọ́jọ́ èsì, dókítà náà, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ohùn rẹ̀ tutù, kọjú sí ẹ̀gbọ́n mi, ó sì béèrè pé, "Bàbá, ṣé ẹ̀yin ni kí n sọ èsì yìí fún, àbí ẹnì kan wà tẹ́ ẹ fẹ́ kí n bá sọ̀rọ̀?"

Ẹ̀gbọ́n mi nawọ́ sí mi. "Sọ fún tíṣà. Òun ló mọ̀wé. Bó bá gbọ́, mo gbọ́."

Ẹ fi gbólóhùn yẹn sọ́kàn: bó bá gbọ́, mo gbọ́. Òun ló fọkàn tán mi.

Dókítà mú mi wọ yàrá kejì. Ó ní jẹjẹrẹ ni, inú ọ̀nà oúnjẹ ló wà, ó sì ti dé ẹ̀dọ̀. Ó ní kò sí iṣẹ́ abẹ tó lè kó o tán mọ́. Ó ní ohun tó kù ni ìtọ́jú tí yóò jẹ́ kí ara dẹ̀ ẹ́ lọ́rùn, kí ìrora má fi ayé sú u. "Kò túmọ̀ sí pé a ti pa wọ́n tì, Bàbá. Nọ́ọ̀sì wa á máa wá bá yín nílé."

Mo ní, "Dókítà, jọ̀ọ́, má sọ fún un. Lọ́dọ̀ tiwa, a kì í ju irú ọ̀rọ̀ yìí lu àgbàlagbà lójú."

Ó gbé ìwé èsì náà sílẹ̀. "Àwọn ló ní kí n sọ fún yín, mo sì ti sọ. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ o, ara wọn ni. Ọjọ́ tí wọ́n bá bi mí fúnra wọn, mi ò ní purọ́ fún wọn."

Nínú ọkọ̀ tí a wọ̀ padà sílé, ẹ̀gbọ́n mi jókòó sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. A ti kọjá Ìdó kó tó lanu. "Tíṣà, kí ló wí?"

"Ọgbẹ́ ni. Ọgbẹ́ ọ̀nà ọ̀fun."

"Ó máa jinná?"

"Wọ́n ní ká ní sùúrù."

Ó mi orí. Èmi sì wo ara ilẹ̀kùn ọkọ̀, mo wo òrùlé rẹ̀, ó wá sí mi lọ́kàn pé irin ni gbogbo ohun tó yí wa ká. Mo fọwọ́ bo ẹnu mi bí ẹni tó fẹ́ yán.

Mo sọ òótọ́ fún ìyàwó rẹ̀ lẹ́yìn ilé ìdáná. Ó di òpó mú. "Ẹ má jẹ́ ó gbọ́. Bó bá gbọ́, kò ní fẹnu kan ògì mọ́." Mo pe ọmọ rẹ̀ àgbà, tó ń gbé lókè òkun. Bàbá kékeré lòun máa ń pè mí. Ó ní, "Bàbá kékeré, ẹ ò gbọdọ̀ sọ fún wọn o! Mò ń wá ibi tí wọ́n á ti tọ́jú wọn. Ẹ fún mi láyè."

A wá di mẹ́ta tó mọ̀, ẹni tó ni àìsàn kò sì sí nínú wa.

Àárọ̀ ọjọ́ kejì ni mo rántí àdá. Mo mọ ẹ̀gbọ́n mi: ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà bá rú u lójú, ọwọ́ rẹ̀ á lọ sí ìṣó. Bó bá sì gbé irin síwájú mi, èwo ni màá ṣe? Bí mo bá sọ òótọ́, mo pa á. Bí mo bá purọ́, mi ò mọ ohun tó máa pa mí. Mo dúró títí ó fi jáde lọ yá oòrùn níwájú ilé àgbẹ̀dẹ rẹ̀. Mo wọ yàrá, mo gun àpótí, mo gbé àdá náà kúrò lórí ìṣó, mo fi àpò ìdọ̀họ wé e. Bí mo ṣe bọ́ọ́lẹ̀, ìyàwó rẹ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Ó ti dípẹtà," mo ní. "Mo fẹ́ lọ gbo ó."

Ó yà fún mi kí n kọjá.

Mo gbé e sábẹ́ ibùsùn mi. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi wọlé lọ dùbúlẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, mo tẹ̀ lé e kí n lè wo ojú rẹ̀. Ó wo ògiri. Ó wò mí. Ó ní, "Ṣé ọyẹ́ ṣì ń mú lọ́nà Ìkọ̀lé?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó yí ojú sí ògiri, ó sì sùn. Ọkàn mi balẹ̀. Mo rò pé mo ti mú un jẹ.

Ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀. Ìrora náà dé. Ẹ̀gbọ́n mi tó máa ń fi ọwọ́ lásán yí igi iná padà wá ń fi eyín di aṣọ ìnura mú kí a má bàa gbọ́ ohùn rẹ̀. Lójú èrò, á máa ṣe yẹ̀yẹ́. "Tíṣà, wíwá rẹ ti pọ̀ jù. Ṣé ìyàwó rẹ ti lé ọ jáde ni?" Ìyàwó rẹ̀ á dá a lóhùn láti ìta pé, "Ẹ jẹ́ ó lé e, màá gbà á." A máa rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà á sì kú lójijì, gbogbo wa á máa wo ilẹ̀.

Nọ́ọ̀sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá, obìnrin kan tó sanra tó máa ń gun ọ̀kadà wá láti ojú títì, tó sì máa ń bú ọlọ́kadà náà kó tó sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Ó gbé ìgò oògùn olómi kan wá. Mọ́fíìnì ni wọ́n ń pè é. Ó fi síríǹjì tí kò ní abẹ́rẹ́ lẹ́nu hàn mí bí màá ṣe máa fà á dé ìlà, tí màá máa fi sí i lẹ́nu ní wákàtí mẹ́rin-mẹ́rin. Ó ní kí n tì í mọ́ inú àpótí, nítorí pé òfin kò gbà kí irú oògùn bẹ́ẹ̀ máa rìn kiri.

Bó ṣe lọ tán, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi fà mí lápá aṣọ. "Tíṣà Mi, wọ́n ní irú oògùn yẹn ni wọ́n fi ń tètè rán èèyàn lọ. Bóo bá rọ ọ́ sí i lẹ́nu, tí kò jí mọ́ ńkọ́?" Nínú ẹ̀rù, ó gbàgbé, ó pè mí ní "o". Èmi náà kò rántí bá a wí. Ohun tó ń bà á lẹ́rù ló ń ba èmi náà.

Kí ni mo wá ṣe? Ìdajì ìlà ni mo ń fà. Mo ń sọ fún ara mi pé mò ń dáàbò bo ẹ̀mí rẹ̀. Ó ń fi eyín di aṣọ ìnura, èmi tíṣà, kọ́kọ́rọ́ àpótí wà lápò mi.

Nígbà tí nọ́ọ̀sì padà wá, ó gbé ìgò náà sókè sí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé. "Bàbá, oògùn yìí kò lọ sílẹ̀ bó ṣe yẹ."

"À ń rọra lò ó ni."

"Ẹ̀ ń rọra lò ó." Ó wo ẹ̀gbọ́n mi tó ń sùn, ó fà mí jáde. "Ìrora náà ńkọ́, ṣé òun náà ń rọra lò wọ́n? Ẹ gbọ́, iye tí mo kọ síbẹ̀ kò lè pa wọ́n. Ìyà ẹ̀rù yín ni wọ́n ń jẹ."

Lọ́sẹ̀ yẹn náà ni ọmọ rẹ̀ pè láti òkè òkun. Ó ti rí ilé ìwòsàn kan ní Ìbàdàn tí wọ́n lè ti la ikùn bàbá rẹ̀, kí wọ́n fi rọ́bà sí i tí oúnjẹ á máa gbà wọlé. Mo sọ fún un pé dókítà ní agbára ẹ̀gbọ́n mi kò lè gbé iṣẹ́ abẹ. Ó pariwo. "Bàbá kékeré, bí ebi bá pa bàbá mi kú síbẹ̀ yẹn, ẹ̀yin lẹ pa wọ́n. Mo bọ́ sí kọ́ọ̀tù pẹ̀lú yín nìyẹn. Mi ò ní wo ojú ẹbí." Mo gbé fóònù sílẹ̀. Bí mo bá fa oògùn dé ìlà, apànìyàn. Bí mi ò bá fà á dé ìlà, òǹrorò. Bí mi ò bá jẹ́ kí wọ́n gbé e lọ, kọ́ọ̀tù. Bí mo bá gbé e lọ tó sì kú sójú ọ̀nà, kí ni màá sọ fún irin?

Ọ̀sán ọjọ́ kan ni òjò ń rọ̀, ó ń lu páànù tó fi jẹ́ pé a ní láti gbé ohùn sókè. Ẹ̀gbọ́n mi ní kí n ti ilẹ̀kùn.

"Gbé àdá mi wá."

"Àdá wo?"

"Èyí tó wà lórí ìṣó yìí kó tó di pé o gbé e."

"Ẹ̀gbọ́n mi, ó ti dípẹtà, mo ní kí n..."

"Láti ìgbà ọyẹ́ títí dìgbà òjò lo fi ń gbo ìpẹtà? Ṣé àdá ni àbí òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì?"

Mi ò rẹ́rìn-ín. Òun náà kò rẹ́rìn-ín. Ó ní kí n gbé ìrọ̀rí sí òun lẹ́yìn. Nígbà tó jókòó dáadáa, ó ní, "Nígbà tí àìsàn bàbá wa le, ìwọ wà níbi tí o ti ń kọ́ iṣẹ́ tíṣà. Àwọn àgbà pè mí, wọ́n ní bàbá ò ní yè é, ṣùgbọ́n kí n má jẹ́ ó mọ̀. Mo wọlé nígbà tó ń sùn, mo gbé àdá rẹ̀ kúrò lórí ìṣó. Ọwọ́ ara mi ni. Ó jí, ó wo ìṣó, ó wò mí. Kò béèrè. Kò béèrè títí ó fi kú. Láti ọjọ́ náà ni mo ti mọ̀ pé ọjọ́ tí mo bá la ojú tí ìṣó tèmi ṣófo, ó ti dé nìyẹn."

Òjò ń rọ̀. Mi ò lè wo ojú rẹ̀.

"Ẹ ti mọ̀ láti ọjọ́ náà?"

"Láti ọjọ́ náà. Mo mọ̀ kí o tó dé ìloro."

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò sọ?"

"Mò ń wò ó bóyá wàá gbé e padà."

Ẹ jẹ́ kí n sinmi díẹ̀ níbí.

Ṣé ẹ rí i? Gbogbo ìgbà tí mo rò pé mò ń bo ẹ̀rù náà mọ́lẹ̀ kí ó má kàn án, òun nìkan ló dùbúlẹ̀ tì í. Ó wo ìṣó òfìfo lójoojúmọ́, ó tún bá mi ṣe yẹ̀yẹ́ kí ojú má bàa tì mí.

Mo sáré nínú òjò lọ sílé, mo tú àpò ìdọ̀họ, mo gbé àdá náà wá pẹ̀lú omi lára mi. Ó gbé e sórí ẹsẹ̀ rẹ̀. Mo tẹ̀ ba, mo fi ahọ́n kan irin. Ó tutù. Òórùn epo àti ti iná àtijọ́ wà lára rẹ̀.

"Ṣé màá yè é?"

"Rárá."

"Ọmọ mi mọ̀?"

"Ó mọ̀. Ìyàwó yín náà mọ̀. Ọmọ yín fẹ́ kí wọ́n gbé yín lọ sí Ìbàdàn, kí wọ́n fi rọ́bà tí oúnjẹ á máa gbà wọlé sí yín níkùn."

"Ìrora yìí, ṣé kò sí ohun tó lè mú un rọlẹ̀?"

Ibi tí ẹ̀rù ti bà mí jù nìyẹn. "Ó wà. Ìdajì ni mo ń fún yín. Ẹ̀rù ló bà mí."

Ó la ẹnu sílẹ̀. Ó wò mí bí ẹni tó ń wo ẹni tí kò rí rí. Lẹ́yìn náà ni ara rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í mì, mo rò pé ìrora ni, àṣé ẹ̀rín ni. "Tíṣà olè! Gbogbo ilé ìwé tó o lọ, oògùn aláìsàn lo wá ń jí!" Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀, ẹ̀rín náà sì wá yí padà lẹ́nu rẹ̀, ó di nǹkan mìíràn. Ó di ọwọ́ mi mú.

"Ẹ̀rù ń bà mí," ó ní. "Kì í ṣe ti ikú nìkan. Ẹ̀rù ń bà mí kí n má lọ máa ké bí ewúrẹ́ níwájú ìyàwó mi. Inú ulé mi ni mo fẹ́ kú sí. Mi ò fẹ́ rọ́bà níkùn. Mi ò lọ sí Ìbàdàn. Fún mi ní oògùn bó ṣe yẹ, kí ìṣó yìí má sì ṣófo mọ́."

A gbé e lọ bá dókítà lọ́jọ́ tí wọ́n dá fún wa. Ẹ̀gbọ́n mi fúnra rẹ̀ ló sọ ohun tó fẹ́, mo kàn jókòó ni. Dókítà bi í lẹ́ẹ̀mejì ní ọ̀nà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ kó lè mọ̀ pé ó yé e, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó kà á sí i létí. Ẹ̀gbọ́n mi tẹ àtàǹpàkò sí i, èmi àti ìyàwó rẹ̀ fọwọ́ sí i pé a wà níbẹ̀. Mo béèrè ọ̀rọ̀ kọ́ọ̀tù tí ọmọ rẹ̀ sọ.

"Àgbàlagbà tí orí rẹ̀ pé," dókítà dá mi lóhùn, "òun ló ni kó sọ pé òun fẹ́ ìtọ́jú tàbí òun ò fẹ́. Kì í ṣe ọmọ, kì í ṣe àbúrò. Bí wọ́n bá bi yín, ìwé yìí nìyí."

Ẹ̀gbọ́n mi gbé orí sókè. "Ọmọ mi, ṣé o ò ní èyí tó máa parí ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà?"

Dókítà fa àga rẹ̀ sún mọ́ ọn. "Rárá, Bàbá. Òfin ilẹ̀ wa kò gbà á, ọwọ́ tèmi náà kò gbà á. Ìrora ni màá lé. Ikú, mi ò ní lọ pè é wá. Bó bá sì dé, mi ò ní jìjàkadì pẹ̀lú rẹ̀ lórí yín."

"Ó tó," ni ẹ̀gbọ́n mi wí.

Òun náà ló bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ lórí fóònù, tí wọ́n ń wo ojú ara wọn. Ọmọ náà bẹ̀ ẹ́ títí. "Bàbá, ẹ jẹ́ ká gbìyànjú. Ẹ jọ̀ọ́."

"Ṣé torí kí n lè pẹ́ ni, àbí torí kí n lè dúró dè ọ́?"

Ọmọ náà fọwọ́ bo ojú. "Kẹ́ ẹ lè dúró dè mí."

"Mò ń dúró dè ọ́ náà nìyí. Wò mí dáadáa."

Nígbà tí mo gba fóònù, ọmọ náà ti nu ojú rẹ̀. Ó rọra sọ fún mi pé, "Bàbá kékeré, mo gbọ́ tiwọn. Ṣùgbọ́n bí oògùn yẹn bá ṣe wọ́n, ẹ̀yin ni màá bi."

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń fa oògùn dé ìlà. Ẹ̀gbọ́n mi tú aṣọ ìnura sílẹ̀. Ó ní àkókò díẹ̀ tó dára. Ó jókòó níwájú ilé àgbẹ̀dẹ, ó bá àwọn tó ń kọjá jà lórí iye ebè tó yẹ kí wọ́n ti kọ. Ó ní kí ìyàwó rẹ̀ gún iyán. Obìnrin náà gún un, gbogbo àdúgbò gbọ́ odó. Ó fi ìka bu díẹ̀, ó fi kan ahọ́n, ó di ojú. "Uṣu ọdún yìí dára," ó ní, ó sì gbé àwo náà fún mi. Mo jẹ ẹ́ níwájú rẹ̀. Mi ò jẹ iyán tó wúwo tó bẹ́ẹ̀ rí.

Ṣùgbọ́n ẹ̀rù kò kúrò. Gbogbo ìgbà tí mo bá fa síríǹjì, mo máa ń ka ìlà rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta bí ọmọ kíláàsì kìíní. Bó bá ti gbé e mì, mo máa ń dúró máa wo àyà rẹ̀ bóyá yóò gbéra.

Ọ̀sán ọjọ́ tó kẹ́yìn, èémí rẹ̀ ti yí padà. Á mí, á dákẹ́, á tún mí bí ẹni tó rántí. Kò lajú mọ́, ṣùgbọ́n ó ń kérora, iwájú orí rẹ̀ sì ká jọ. Àsìkò oògùn tó. Mo pe nọ́ọ̀sì.

"Nọ́ọ̀sì, èémí rẹ̀ ti yàtọ̀. Ṣé kí n fún un?"

"Ṣé wọ́n ń kérora?"

"Wọ́n ń kérora."

"Iye tí mo kọ náà ni, Bàbá. Ẹ má fi kún un, ẹ má yọ níbẹ̀. Ẹ rọra kán an sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn. Mo ti ń bọ̀."

Mo fà á dé ìlà. Ìyàwó rẹ̀ gbé orí rẹ̀ sórí itan. Mo kán an sí i lẹ́nu díẹ̀díẹ̀. Iwájú orí rẹ̀ tẹ́jú, ìkérora náà dáwọ́ dúró. Àwọn ọmọ ilé ìwé ń kọjá lójú ọ̀nà, wọ́n ń pariwo bọ́ọ̀lù. Kí ariwo wọn tó jìnnà, ó mí, ó dákẹ́. A dúró. Kò rántí mọ́.

Síríǹjì náà ṣì wà lọ́wọ́ mi. Ìyàwó rẹ̀ wo ojú ọkọ rẹ̀, ó wo síríǹjì, ó wò mí. Kò sọ nǹkan kan. Bó bá jẹ́ pé ó bú mi ni, ì bá sàn.

Nọ́ọ̀sì dé, ó wọn ohun tó kù nínú ìgò níwájú gbogbo wa, ó ní ó pé bó ṣe yẹ, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó sì gbé ìgò náà lọ. Ó ní àìsàn náà ló pa á, oògùn kọ́. Mo gbọ́. Etí mi gbọ́.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà ni ọmọ rẹ̀ pè. Ó ti sunkún tán. Ó ní kí n gbé fóònù wọ yàrá bàbá òun, kí n gbé e sí ibi tí òun á ti máa rí mi. Ó ní, "Bàbá kékeré, ẹ gbé àdá wọn."

Ọmọ tó ti pẹ́ lókè òkun, tí mo rò pé yìnyín ti fọ ilé kúrò lára rẹ̀. Mo gbé àdá kúrò lórí ìṣó. Mo fi ahọ́n kàn án.

"Mélòó lẹ fún wọn?"

"Iye tí nọ́ọ̀sì kọ. Mi ò fi ẹ̀kán kan lé e."

Mo rò pé ó ti tán. Ó wá ní, "Nígbà tẹ́ ẹ ń fún wọn, ṣé ẹ fẹ́ kí wọ́n kú?"

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo fẹ́ yẹ ìbéèrè náà sílẹ̀. Mo ní, "Mo fẹ́ kí ìrora wọn parí."

"Ohun tí mo bi yín kọ́ nìyẹn."

Ìtọ́wò irin wà lẹ́nu mi. Mi ò rí ibi sá sí. "Bẹ́ẹ̀ ni," mo ní. "Mo fẹ́ kí wọ́n lọ. Bí mo ṣe ń fà á, mo ń sọ nínú mi pé, ẹ̀gbọ́n mi, ẹ máa lọ. Ṣùgbọ́n mi ò fi kún oògùn. Ìlà ni mo tẹ̀ lé."

Mo ń dúró de kọ́ọ̀tù. Mo ń dúró de èpè. Lórí fóònù náà, mo rí i tó tẹrí ba, tí èjìká rẹ̀ ń mì. Nígbà tó gbé ojú sókè, ó ní, "Ẹ gbé e padà sórí ìṣó." Kò bi mí ní nǹkan kan mọ́ títí di òní.

A ti sin ín, ilẹ̀ ibojì rẹ̀ ti gbẹ. Oko kòkó di ti àwọn ọmọ rẹ̀, oko iṣu di ti ìyàwó rẹ̀, ó sì ṣì ń gbé inú ilé náà. Owú tó fi ń lu irin àti ẹwìrì tó fi ń fẹ́ iná lọ sọ́dọ̀ ìbátan wa tó ṣì ń rọ ọkọ́. Fóònù rẹ̀, ìyàwó rẹ̀ ló mú un. Ó ń gba iná sí i lójoojúmọ́, kò sì pe ẹnikẹ́ni lórí rẹ̀. Àdá náà jẹ́ ti àkọ́bí ọmọkùnrin rẹ̀ tó wà lókè òkun, ó ní kó wà lórí ìṣó de òun. Èmi ni mo jogún ipò àgbà ilé, nítorí kò sí ẹni tó jù mí lọ mọ́. Mo ti sọ fún àwọn ọmọ tèmi pé ohunkóhun tí dókítà bá sọ, kí wọ́n sọ ọ́ fún mi kó tó fún ẹlòmíràn. Wọ́n ní àwọn gbọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n mi náà fọkàn tán mi bẹ́ẹ̀ rí. Nítorí náà, bí mo bá la ojú láàárọ̀, kí n tó gbàdúrà, kí n tó dá ẹnikẹ́ni lóhùn, ìṣó tèmi ni mo máa ń kọ́kọ́ wò.